Bí eré ẹ̀fẹ̀ orí tẹlifíṣọ̀n ṣe ń yẹ ètò ohun ìjà runlérùnnà wò

Ìjọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kì í sọ ìgbà tí yóò lo ohun ìjà runlérùnnà. Ó mọ̀ọ́mọ̀ ń ṣe é ni. Bó bá sọ ọ́, ọ̀tá yóò kàn rìn dé ìtòsí ààlà tí wọ́n sọ náà, yóò sì dúró. Ibi tí ìjọba ti panu mọ́ yìí gan-an ni eré ẹ̀fẹ̀ ti ń ríṣẹ́ ṣe.

Ẹ wo ìpín àkọ́kọ́ eré ẹ̀fẹ̀ kan nípa àwọn olóṣèlú, Yes, Prime Minister, tí BBC gbé sáfẹ́fẹ́ ní oṣù Kìíní ọdún 1986. Nígbà náà, ìjọba ti pinnu láti fi Trident rọ́pò Polaris; rọ́kẹ́ẹ̀tì tí ọkọ̀ abẹ́ omi fi ń ju bọ́ǹbù runlérùnnà ni méjèèjì. Nínú eré náà, Jim Hacker ṣẹ̀ṣẹ̀ di olóòtú ìjọba, olùdámọ̀ràn rẹ̀ lórí sáyẹ́ǹsì sì ń bi í pé ìgbà wo gan-an ni yóò tẹ bọ́tìnì. Wàhálà bẹ́ sílẹ̀ ní Ìwọ̀-Oòrùn Berlin, ilé ń jó, panápaná Ìlà-Oòrùn Jámánì, ìyẹn ìhà ọ̀tá, sọdá ààlà wá pa iná: ṣé yóò tẹ̀ ẹ́? Rárá o. Bí ọlọ́pàá bá tẹ̀ lé wọn ńkọ́? Bí sójà bá tẹ̀ lé ọlọ́pàá ńkọ́? Kò sí èyí tó tó ohun tí èèyàn ń torí ẹ̀ pa ayé run, bẹ́ẹ̀ díẹ̀díẹ̀ ni ọ̀tá ń gba ilẹ̀ lọ.

Títò ìbéèrè yẹn ni gbogbo iṣẹ́ náà. Bó bá jẹ́ ogun ńlá ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀, Hacker ní ìdáhùn tó ti há sórí. Bó bá sì jẹ́ ohun tí kò lè ṣẹlẹ̀ láéláé ni wọ́n dá sílẹ̀, òǹwòran yóò rẹ́rìn-ín tán, yóò gbàgbé. Panápaná ló mú un gúnni lára, torí ta ni yóò yìnbọn fún ẹni tó wá pa iná?

Ohun tó sì wà lẹ́yìn ẹ̀rín náà kì í ṣe àròsọ. Láti ọdún 1969 ni ọkọ̀ abẹ́ omi ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan, ó kéré tán, ti máa ń wà lójú omi tòun ti ohun ìjà yìí. Olóòtú ìjọba tuntun máa ń fọwọ́ ara rẹ̀ kọ lẹ́tà mẹ́rin, ọ̀kan fún ọkọ̀ kọ̀ọ̀kan, pé kí ni kí ọ̀gágun ọkọ̀ ṣe bí ìlú bá ti pa run. Bó bá fipò sílẹ̀, wọn yóò ba lẹ́tà náà jẹ́ láìtú u. Nítorí náà, ẹnì kan ṣoṣo ni ìbéèrè olùdámọ̀ràn yẹn ń bá wí, ẹni náà kò sì gbọ́dọ̀ dáhùn ní gbangba.

Ìbéèrè mìíràn ṣì wà nílẹ̀ fún ẹni tó bá fẹ́ kọ irú eré yìí lónìí: ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ló ń ṣe bọ́ǹbù tó wà lórí Trident, ṣùgbọ́n inú àkójọ tí orílẹ̀-èdè méjèèjì jọ ń lò, tí Amẹ́ríkà ń tọ́jú ní Kings Bay, ìpínlẹ̀ Georgia, ni rọ́kẹ́ẹ̀tì tó ń gbé e fò ti ń wá. Ṣé ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì nìkan wá ni ohun ìjà náà?