Ta ló yẹ kó ṣe ṣẹ́rífù nínú Blazing Saddles?

Ìbéèrè: Mo rí orúkọ Richard Pryor, aláwàdà aláwọ̀ dúdú ará Amẹ́ríkà, láàárín àwọn tó kọ Blazing Saddles, fíìmù kọ́bọì aláwàdà tó jáde ní 1974. Mo wò ó tán, mi ò rí ojú rẹ̀. Kí ló fà á?

Ìdáhùn: Kò sí níbẹ̀ lóòótọ́, bẹ́ẹ̀ ipò ṣẹ́rífù, ìyẹn olórí ọlọ́pàá ìlú, gan-an ni Mel Brooks tó darí fíìmù náà fẹ́ fún un. Nínú ìtàn náà, olójúkòkòrò kan nínú ìjọba fẹ́ kí ojú irin gba ìlú Rock Ridge kọjá. Ló bá fi Bart, ọkùnrin aláwọ̀ dúdú tí wọ́n fẹ́ yẹgi fún, ṣe ṣẹ́rífù wọn, kí inú lè bí àwọn òyìnbó ibẹ̀ débi tí wọ́n á fi kó kúrò. Pryor ni Brooks ní lọ́kàn, ṣùgbọ́n Warner Bros., ilé iṣẹ́ tó ni fíìmù náà, yarí. Ọ̀rọ̀ ẹnu Pryor máa ń gbóná lórí ìtàgé, ọ̀rọ̀ oògùn olóró sì ti ń bá orúkọ rẹ̀ rìn. Wọ́n gba ohun tó kọ, wọ́n kọ òun alára. Lójú tèmi, ìwà ọ̀dájú ni.

Ìbéèrè: Ṣé Cleavon Little tí wọ́n fi rọ́pò rẹ̀ kájú ẹ̀?

Ìdáhùn: Ó kájú ẹ̀ dáadáa. Òṣèré orí ìtàgé ni, ó ti gba àmì ẹ̀yẹ Tony ní 1970 fún eré Purlie. Ẹ wo ìgbà tó kọ́kọ́ wọ Rock Ridge: gbogbo ìlú na ìbọn sí i, ni òun náà bá fa tirẹ̀ yọ, ó fi kan ọrùn ara rẹ̀, ó ní bí ẹnikẹ́ni bá mira, òun á yìn ín fún ọkùnrin dúdú yìí. Ló bá tún yí ohùn padà, ó ń bẹ̀bẹ̀ bí ẹni tí wọ́n mú. Wọ́n gbà á gbọ́! Obìnrin kan tiẹ̀ ń béèrè bóyá kò sẹ́ni tó máa gba ọkùnrin náà sílẹ̀ ni. Little kì í fara ya. Ẹ̀rín músẹ́ rẹ̀ yẹn ló tú àṣírí ìwà òmùgọ̀ àwọn ẹlẹ́yàmẹ̀yà yẹn. Pryor ì bá mú un le ju bẹ́ẹ̀ lọ, àmọ́ kò dá mi lójú pé ẹ̀rín á pa wá tó báyìí.

Ìbéèrè: Gene Wilder ńkọ́? Ẹnì kan sọ fún mi pé òun náà kọ́ ni wọ́n kọ́kọ́ mú.

Ìdáhùn: Òótọ́ ni. Gig Young, tó ti gba Oscar, ni wọ́n mú láti ṣe Jim, ayìnbọn tí ọtí ti bà jẹ́. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ara rẹ̀ ń gbọ̀n. Brooks rò pé eré ló ń ṣe. Àìsàn ọtí gan-an ni, wọ́n sì gbé e lọ sílé ìwòsàn. Brooks pe Wilder kó wá rọ́pò rẹ̀, ìyẹn sì wọkọ̀ òfuurufú kíá.

Ìbéèrè: Kí wá ni Pryor kọ níbẹ̀?

Ìdáhùn: Èèyàn á rò pé ọ̀rọ̀ Bart ni. Ṣùgbọ́n Brooks sọ pé ti Mongo ló wu Pryor jù láti kọ, òmìrán tó fi ẹ̀ṣẹ́ gbé ẹṣin ṣubú, tí Alex Karras ṣe. Andrew Bergman ló ni ìtàn náà látilẹ̀. Norman Steinberg àti Alan Uger náà bá wọn kọ ọ́.

Pryor àti Wilder padà jọ ṣeré ní 1976 nínú fíìmù Silver Streak. Wọ́n tún ṣe Stir Crazy ní 1980, Sidney Poitier ló sì darí ìyẹn.