Iyọ̀, irin, ọkọ̀: ta ló ni Tata gan-an?

Ìyá kan tó ń ṣe búrẹ́dì wá bá mi lọ́sẹ̀ tó kọjá. Ó fẹ́ fi búlọ́ọ̀kù mímọ kún iṣẹ́ rẹ̀, ẹ̀rù sì ń bà á pé bí búlọ́ọ̀kù ò bá tà, ó lè jẹ owó búrẹ́dì run. Akáńtáǹtì ni mí, Tata ti ilẹ̀ Íńdíà, àkójọ ilé-iṣẹ́ tó ń ṣe iyọ̀, irin àti ọkọ̀, ni mo sì máa ń fi ṣàlàyé irú ọ̀rọ̀ yìí.

Ọdún 1868 ni Jamsetji Tata dá òwò tirẹ̀ sílẹ̀ ní Bombay, ìyẹn Mumbai òde òní, pẹ̀lú 21,000 rupee. Ní 1877, ó ṣí ilé-iṣẹ́ ìhunṣọ sí Nagpur, níbi tí oko òwú wà nítòsí. Nǹkan mẹ́rin tún wà tó ń lépa: irin, iná mànàmáná láti ara omi, ilé-ẹ̀kọ́ gíga sáyẹ́ǹsì, àti hòtẹ́ẹ̀lì. Hòtẹ́ẹ̀lì Taj Mahal, tó ṣí ní 1903, nìkan ló fojú rí kó tó kú ní 1904.

Dorabji ọmọ rẹ̀ ló dá ilé-iṣẹ́ irin sílẹ̀ ní 1907. Lẹ́yìn ogun àgbáyé àkọ́kọ́, iye owó irin já wálẹ̀. Nígbà tó fi máa di 1924, owó oṣù òṣìṣẹ́ ò sí nílẹ̀ mọ́. Dorabji kó ohun tó ní, ó fi dógò ní báńkì, títí kan ohun ọ̀ṣọ́ Meherbai ìyàwó rẹ̀. Dáyámọ́ńdì Jubilee wà nínú wọn, èyí tó tóbi ju Koh-i-Noor tó wà lára adé ayaba Gẹ̀ẹ́sì lọ. Ilé-iṣẹ́ náà ò kú. Lẹ́nu iṣẹ́ mi, owó ara wọn ni ọ̀pọ̀ ọ̀gá máa ń kọ́kọ́ yọ nígbà tí nǹkan bá le, ìdí nìyẹn tí ìtàn yìí fi máa ń wọ̀ mí lọ́kàn.

Dorabji kò bímọ. Kó tó kú ní 1932, ó ti fi ọrọ̀ rẹ̀ sílẹ̀ fún àjọ aláàánú. Nígbà tí wọ́n ta dáyámọ́ńdì náà, àpò àjọ yẹn lowó rẹ̀ bọ́ sí. Lónìí, irú àwọn àjọ bẹ́ẹ̀ ló ni ìdá 66 nínú ọgọ́rùn-ún Tata Sons, tó jẹ́ ilé-iṣẹ́ ìyá.

Tata Sons ní ìpín nínú àwọn ilé-iṣẹ́ yòókù, àmọ́ olúkúlùkù ló ní ìwé owó tirẹ̀, ìgbìmọ̀ olùdarí tirẹ̀ àti gbèsè tirẹ̀. Ní 2007, Tata Steel, ìyẹn ilé-iṣẹ́ irin tí Dorabji dá sílẹ̀, ra Corus, ilé-iṣẹ́ irin kan ní Yúróòpù, ní nǹkan bí bílíọ̀nù 12 dọ́là. Ó wọ́n jù lójú tèmi: kò pé ọdún méjì tí ọrọ̀ ajé àgbáyé fi dẹnu kọlẹ̀, gbèsè tí wọ́n jẹ láti rà á sì pẹ́ lọ́rùn wọn. Tata Sons lè fi èrè tó ń gbà lọ́dọ̀ TCS, ilé-iṣẹ́ Tata mìíràn tó ń ṣe iṣẹ́ kọ̀ǹpútà láti 1968, ṣèrànwọ́ bó bá wù ú. Ṣùgbọ́n ẹni tí Tata Steel jẹ lówó kò lè lọ gbẹ́sẹ̀ lé dúkìá TCS.

Mo ní kí ìyá búrẹ́dì kó ìwé owó rẹ̀ wá. Ìwé kan ṣoṣo ló gbé dání: owó ìyẹ̀fun, owó ilé-ìwé ọmọ, àsansílẹ̀ sìmẹ́ǹtì, gbogbo rẹ̀ lójú ewé kan náà. A ra ìwé méjì sí i, a sì jókòó.