Ṣé Lóòótọ́ ni Ìjọba Jàpáànù Fòfin De Orúkọ? Ìbéèrè àti Ìdáhùn

Ní ọjọ́ 26 oṣù karùn-ún ọdún 2025 ni òfin tuntun kan lórí orúkọ ènìyàn bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní orílẹ̀-èdè Jàpáànù, láti ìgbà náà ni ìròyìn sì ti ń ti ọwọ́ bọ́ sí ọwọ́ pé ìjọba ibẹ̀ ti ń bá àwọn òbí yan orúkọ fún ọmọ wọn. Ọ̀rọ̀ kò rí bẹ́ẹ̀. Nítorí pé Yorùbá kì í fi ọ̀rọ̀ orúkọ ṣeré, ó yẹ kí a tú u wò dáadáa.

Ṣé wọ́n fòfin de orúkọ ni?

Rárá. Bí wọ́n ṣe ń pe orúkọ ni òfin náà dá lé lórí.

Báwo ni orúkọ ṣe lè wà nínú ìwé ìjọba, kí ìjọba má sì mọ bí wọ́n ṣe ń pè é?

Ibí yìí ni gbogbo ọ̀rọ̀ wà. Lẹ́tà tí àwa fi ń kọ Yorùbá, ohùn ni ó ń gbé; ẹni tí ó bá ti pe orúkọ jáde lẹ́nu ni ó ń gbọ́ ìtumọ̀ rẹ̀. Àmì ìkọ̀wé tí àwọn ará Jàpáànù ń pè ní kanji yàtọ̀: ìtumọ̀ ni ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn gbé dání, ọ̀pọ̀ nínú wọn sì ní ju ọ̀nà kan lọ tí a lè gbà pè é. Òbí a yan àmì nítorí ìtumọ̀ àti ẹwà rẹ̀, lẹ́yìn náà ni yóò wá sọ fún ayé bí wọn yóò ṣe máa pe ọmọ náà. Bí a bá to àmì tí ó túmọ̀ sí "ńlá" pọ̀ mọ́ èyí tí ó túmọ̀ sí "fífò lọ sókè", ilé kan a pè é ní Hiroto, ilé kejì a pè é ní Haruto, ilé kẹta a ní Yamato ni. Bẹ́ẹ̀ náà ni Haruto méjì lè jókòó nínú kíláàsì kan náà, kí ọ̀kan fi àmì oòrùn bẹ̀rẹ̀ orúkọ rẹ̀, kí èkejì fi àmì ìgbà ìrúwé bẹ̀rẹ̀ tirẹ̀. Láti ọdún 1872 tí ìjọba ti ń kọ àwọn ará ìlú sínú ìwé àkọsílẹ̀ ìdílé tí wọ́n ń pè ní koseki, àmì ni òfin ní kí wọ́n kọ síbẹ̀. Kò sí òfin tí ó ní kí wọ́n kọ bí a ṣe ń pè é. Ohun tí òfin tuntun yìí fi kún un nìyẹn.

Ẹni tí ó bá ti rí "Ojo" nínú ìwé tí kò ní àmì ohùn ti tọ́ díẹ̀ wò nínú ìṣòro yìí. Ṣé òjò tí ń rọ̀ ni, àbí ojo tí ẹ̀rù ń bà, àbí Òjó, ọmọkùnrin tí ó gbé ìwọ́ kọ́rùn wá sáyé? Ìyàtọ̀ tí ó wà níbẹ̀ ni pé tiwa, bí àmì ohùn bá ti sọnù, ohùn àti ìtumọ̀ ni wọ́n jọ ń lọ. Ní tiwọn, ìtumọ̀ wà ní gbangba lójú ìwé, ohùn nìkan ni ó fara pamọ́.

Kí ló dé tí ó fi jẹ́ ìsinsìnyí?

Kọ̀ǹpútà ni. Ohùn ni ó rọrùn láti fi to orúkọ àti láti fi wá a, orúkọ oníbàárà ní báǹkì sì ń wà ní lẹ́tà kana tí ó ń gbé ohùn. Bí ènìyàn kan bá ń jẹ́ ohùn méjì, yóò di ènìyàn méjì nínú ẹ̀rọ. Ọdún 2023 ni ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ti fọwọ́ sí òfin náà.

Kí ni orúkọ "kirakira" tí wọ́n ń sọ?

Kirakira túmọ̀ sí ohun tí ń dán yanran. Orúkọ bẹ́ẹ̀ ni èyí tí òbí fún àmì rẹ̀ ní ohùn tí ẹnikẹ́ni kò lè rò: orúkọ òkè òkun, tàbí orúkọ láti inú eré àwòrán. Olùkọ́ kò ní lè pè é nínú kíláàsì, nọ́ọ̀sì kò sì ní lè pè é ní ilé ìwòsàn. Òfin wá sọ pé ohùn orúkọ gbọ́dọ̀ jẹ́ èyí tí àwọn ènìyàn lápapọ̀ gbà pé ó bá àmì náà mu. Nínú àpẹẹrẹ ohun tí kò ní ṣe é gbà ni kí ẹnìkan kọ àmì "gíga" kí ó ní Hikushi ni òun ń pè é, nígbà tí ohùn yẹn ń tọ́ka sí ohun tí kò ga. Tàbí kí ó kọ àmì orúkọ Tarō kí ó ní Michael ni òun ń pè é.

Mo fara mọ́ ìwọ̀n yìí, nítorí pé ọmọ ni ó ń ru orúkọ, òbí kọ́. Ní ọdún 1993, bàbá kan ní ìlú Akishima, ní agbègbè Tokyo, mú orúkọ Akuma lọ fún ìforúkọsílẹ̀ ọmọ rẹ̀. Ẹ̀mí búburú, ọ̀tá Ọlọ́run, ni akuma. Mi ò pè é ní Èṣù, nítorí pé òrìṣà ni Èṣù, òun àti akuma kò sì jọ ara wọn. Ọ̀rọ̀ náà dé ilé-ẹjọ́, orúkọ mìíràn ni bàbá náà sì padà sọ ọmọ rẹ̀.

Ṣé orúkọ wọn ní ìtàn bí tiwa?

Ó ní in. Ọdún 1875 ni ìjọba sọ ọ́ di dandan kí gbogbo ènìyàn ní orúkọ ìdílé, ilẹ̀ tí wọ́n ń gbé sì hàn nínú púpọ̀ rẹ̀: Tanaka ni àárín oko ìrẹsì, Yamamoto ni ẹsẹ̀ òkè, Kobayashi ni igbó kékeré. Wọ́n tún ní Ichirō fún ọmọkùnrin àkọ́kọ́, Jirō fún ìkejì, Saburō fún ìkẹta. Kí a má ṣe fi wọ́n wé Ìdòwú àti Àlàbá jù, nítorí pé àmútọ̀runwá ni tiwa: ọmọ tí ó bá tẹ̀lé ìbejì ti jẹ́ Ìdòwú kí ẹnikẹ́ni tó lanu. Àkọ́bí ọkùnrin ní Jàpáànù lè má jẹ́ Ichirō láéláé.

Àwọn tí orúkọ wọn ti ṣàjèjì tẹ́lẹ̀ ńkọ́?

Wọn yóò máa jẹ́ orúkọ wọn lọ. Ìjọba ìbílẹ̀ fi lẹ́tà ránṣẹ́ láti sọ ohùn tí ó wà lọ́wọ́ rẹ̀. Wọ́n fún ẹni tí ó bá rí àṣìṣe ní ọdún kan, títí di ọjọ́ 25 oṣù karùn-ún ọdún 2026, láti tún un ṣe. A lè ní kí ẹni tí ohùn orúkọ rẹ̀ ṣàjèjì mú pásípọ́ọ̀tù tàbí irú ìwé bẹ́ẹ̀ wá. Kò sí owó ìtanràn fún ẹni tí kò fèsì. Ẹni tí orúkọ rẹ̀ bá ń ni lára lè lọ sí ilé-ẹjọ́ ìdílé láti yí i padà bí ó bá ní ìdí tí ó múná dóko, ọmọ ọdún 15 sì lè lọ fúnra rẹ̀.

Ó ha kan Yorùbá tí ń gbé ní Jàpáànù bí?

Àjèjì kò sí nínú koseki, nítorí náà kò kàn án. Ṣùgbọ́n bí ọkọ tàbí aya rẹ bá jẹ́ ọmọ Jàpáànù, tí ọmọ yín sì jẹ́ ọmọ onílùú, orúkọ rẹ̀ yóò wọ ibẹ̀. Ẹ lè fi kana kọ orúkọ Yorùbá, ṣùgbọ́n ẹ mọ ohun tí yóò bọ́ sílẹ̀: kana kò ní àmì ohùn wa, kò mọ "o" yàtọ̀ sí "ọ", "l" àti "r" kò yàtọ̀ níbẹ̀, kò sì ní "gb" rárá. Àgbékẹ́ yóò jìyà níbẹ̀. Kí ẹ tó fọwọ́ sí ìwé, ẹ jẹ́ kí ìyá tàbí bàbá àgbà pe orúkọ náà jáde, kí ẹ wo èyí tí kana lè gbé láì ba ìtumọ̀ rẹ̀ jẹ́.

Àwa tí a wà nílé ńkọ́? Kí ni kí a ṣe?

Òfin náà kò kàn wá, ṣùgbọ́n ewu tí ó bí i wà lọ́dọ̀ wa. Ọ̀pọ̀ ìwé ìdánimọ̀ wa ni kò ní àmì ohùn, ọmọ tí a bí sí òkè òkun sì lè dàgbà láì mọ bí a ṣe ń pe orúkọ tí ó ń jẹ́. Ẹ wá ìwé kan nínú ilé, ẹ kọ gbogbo orúkọ ọmọ kọ̀ọ̀kan sí i pẹ̀lú àmì ohùn, ẹ kọ ìtumọ̀ rẹ̀, ẹni tí ó sọ ọ́ àti ìdí tí ó fi sọ ọ́. Ẹ gba ohùn ẹni tí ó sọ ọmọ lórúkọ náà sórí fóònù nígbà tí ó ń pè é, kí oríkì ọmọ náà sì tẹ̀lé e.