Shinsengumi: ṣé òfin wọn ka ìfẹ́ léèwọ̀?

Ìbéèrè: Wọ́n ní ikú ni ìjìyà ẹni tó bá rú òfin Shinsengumi, ẹgbẹ́ àwọn géńdé onídà ilẹ̀ Japan. Ṣé ìfẹ́ ọkùnrin sí ọkùnrin wà lára ohun tí wọ́n kà léèwọ̀?

Ìdáhùn: Rárá o. Ọdún 1863 ni wọ́n dá ẹgbẹ́ náà sílẹ̀ ní Kyoto láti gbógun ti àwọn tó ń dìtẹ̀ mọ́ ìjọba Tokugawa, ìdílé ológun tó ń ṣàkóso Japan nígbà náà. Òfin wọn kò gùn: má ṣe hùwà tí kò yẹ jagunjagun, má ṣe kúrò nínú ẹgbẹ́, má ṣe dá wá owó, má ṣe dá gba ẹjọ́ ẹlẹ́jọ́ rò. Wọ́n tún máa ń ka ìjà àdáni mọ́ ọn. Ẹni tó bá tẹ ìkankan lójú, ọwọ́ ara rẹ̀ ni yóò fi la ikùn ara rẹ̀. Ẹ wá ìfẹ́ níbẹ̀ títí, ẹ ò ní í rí i.

Ìbéèrè: Àbí irú ìfẹ́ bẹ́ẹ̀ kò sí láàárín wọn ni?

Ìdáhùn: Ó wà. Kondo Isami, ọ̀gá wọn, kọ ọ́ sínú lẹ́tà kan ní 1864 pé ìfẹ́ ọkùnrin sí ọkùnrin ti gbilẹ̀ nínú ẹgbẹ́. N kì í lè ka gbólóhùn yẹn kí n má dúró díẹ̀. Ó mọ ohun tó ń lọ lábẹ́ òrùlé rẹ̀, síbẹ̀ kò fi kún òfin.

Ìbéèrè: Ìjọba ńkọ́?

Ìdáhùn: Shinsengumi ti tú ká ní 1869 kí òfin ìjọba Meiji, èyí tó rọ́pò ti Tokugawa, tó fìyà sí irú ìfẹ́ bẹ́ẹ̀ ní 1873. Nígbà tó fi máa di 1882, òfin náà ti kúrò nílẹ̀.

Ìbéèrè: Kí ló wá mú kí ìfẹ́ léwu?

Ìdáhùn: Ohun tó ń mú èèyàn ṣe ni. Àwọn géńdé wọ̀nyí kó ara wọn jọ sínú ilé onílé ní Mibu, abúlé kan ní ẹ̀gbẹ́ Kyoto, wọ́n jọ ń sùn, wọ́n jọ ń ju idà onígi. Idà onígi ti Tennen Rishin-ryu, ẹ̀kọ́ idà tí Kondo ń kọ́ni, nípọn débi pé ó kún ọwọ́ bámúbámú. Bí ẹnì kan bá jowú, tó fa idà yọ sí ẹni tí wọ́n jọ ń du olólùfẹ́, ìjà àdáni nìyẹn. Bó bá wá owó ẹ̀bùn kiri, òfin ti mú un. Bí àwọn méjì bá sì jọ sá lọ, ó parí.

Ìbéèrè: Wọn kì í wo ti ọ̀rẹ́ mọ́ni lára?

Ìdáhùn: Ẹ wo Yamanami Keisuke. Àgbà ẹgbẹ́ ni, òun àti Kondo sì ti jọ wà láti Edo, ìlú tí wọ́n ń pè ní Tokyo lónìí. Ó kúrò ní 1865, wọ́n sì mú un padà. Àwọn tó ń sọ ìtàn náà ní Okita Soji, onídà ẹgbẹ́ náà tí òun àti Yamanami sún mọ́ra gan-an, ni wọ́n rán lọ wá a. Okita yìí kan náà ló dúró lẹ́yìn rẹ̀ tòun ti idà lọ́jọ́ tó la ikùn, kó lè bẹ́ ẹ lórí kí ìrora náà má pẹ́.