Ìkòkò mímọ ní Ìlọrin

Ìkòkò mímọ jẹ́ iṣẹ́ ọwọ́ àwọn obìnrin ní Ìlọrin, olú-ìlú Ìpínlẹ̀ Kwara. Dada, ní àdúgbò Òkèlele, ni a mọ̀ jù fún un. Ìyá ló ń kọ́ ọmọ.

Wọn kì í lo ẹ̀rọ. Bí wọ́n bá ti gún amọ̀, tí wọ́n ṣa òkúta inú rẹ̀, tí wọ́n sì pò ó tó rọ̀, amọ̀kòkò á da ojú ògbólógbòó ìkòkò kan dé ilẹ̀, á ku eérú sí i kí amọ̀ má baà lẹ̀ mọ́ ọn, á wá tẹ́ amọ̀ pẹlẹbẹ lé ìdí rẹ̀, á máa lù ú. Bó bá gbẹ díẹ̀, á ṣí i kúrò, á dá a dúró, á sì máa fi amọ̀ tó fọwọ́ yí gbọọrọ mọ ara àti ọrùn rẹ̀. Òun ló ń yí ìkòkò po. Ìkòkò kì í kúrò lójú kan. Ṣùkù àgbàdo ló fi ń ra á, òkúta róbótó ló fi ń dán an.

Ìta gbangba ni wọ́n ti ń sun ún, lábẹ́ igi àti koríko gbígbẹ. Èyí tí kò gbẹ dénú á sán, ìdí nìyí tí iṣẹ́ fi ń falẹ̀ nígbà òjò. Bí wọ́n bá fi ọ̀pá yọ ọ́ nínú iná, wọ́n á da omi èèpo irúgbá sísè sí i lára lójú ẹsẹ̀, kó lè dúdú, kó sì dí díẹ̀ nínú ihò tíntìntín ara rẹ̀.

Tánganran, ìkòkò irin àti ike ti gba ọ̀pọ̀ ilé ìdáná lọ́wọ́ ìkòkò amọ̀. Síbẹ̀ àwọn kan ṣì ń wá ìṣáasùn fún àgbo àti àwo oníhò fún dídín wàínà (àkàrà ìrẹsì). Ní ti àmù, omi ń jò díẹ̀díẹ̀ gba ara rẹ̀, atẹ́gùn ń gbẹ ẹ́ níta, èyí tó kù nínú a sì tutù. Kò lè bá fíríìjì du ilé tí iná kì í lọ, àmọ́ mélòó nirú ilé bẹ́ẹ̀?

Ọ̀nà mìíràn ni wọ́n tọ̀ ní Suleja, tó ń jẹ́ Abuja nígbà náà. Michael Cardew, amọ̀kòkò ará Gẹ̀ẹ́sì, dá ilé ìkọ́ṣẹ́ sílẹ̀ níbẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1950. Ladi Kwali, obìnrin Gbagyi tí àwòrán rẹ̀ wà lẹ́yìn owó ₦20, dara pọ̀ mọ́ wọn ní 1954. Ó ń fi ọwọ́ mọ ìkòkò omi bó ti kọ́ ọ nílé, wọ́n á wá kun ún ní ohun tó ń dán bíi díńgí, wọ́n á sun ún nínú ààrò tó gbóná gan-an. Irú ìkòkò bẹ́ẹ̀ dé àwọn àfihàn ní Lọ́ńdọ̀nù, ṣùgbọ́n omi kì í jò gba ara rẹ̀, kò sì lè mú omi tutù bí àmù.