Bí Róòmù Ṣe Ń Tọ́ Balógun Ẹnu Ààlà: Ọ̀nà tí Lollius Urbicus Gbà

Ní Tiddis, ìlú kékeré kan lórí òkè nítòsí Constantine ní Àlgéríà òde òní, òkúta kan wà tí wọ́n gbẹ́ iṣẹ́ ayé ọkùnrin kan sí lára. Quintus Lollius Urbicus ni orúkọ rẹ̀, ọmọ onílẹ̀ ní àdúgbò náà, tó gbé ayé ní ọ̀rúndún kejì. Òkúta yìí kò pìtàn, oyè ló tò lé orí oyè. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá mọ̀ ọ́n kà yóò rí bí Róòmù ṣe ń sọ ọmọ olówó di balógun tí wọ́n lè kó ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọmọ ogun lé lọ́wọ́, láìbẹ̀rù pé yóò kó wọn padà wá bá ìlú tó rán an níṣẹ́.

Ìsàlẹ̀ ni kí a ti máa kà á bọ̀, torí oyè tó ga jù ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ gbẹ́. Iṣẹ́ tó wà nísàlẹ̀ pátápátá kò ní ogun nínú rárá: Lollius wà lára ọ̀dọ́kùnrin mẹ́rin tó ń bójú tó òpópónà ìlú Róòmù. Ogún irú àyè kéékèèké bẹ́ẹ̀ ló ń ṣí sílẹ̀ lọ́dọọdún fún àwọn ọmọ ọlọ́lá. Owó ni wọ́n sì fi ń wọlé. Ẹni tí yóò di sẹ́nétọ̀, ọmọ ìgbìmọ̀ àgbà Róòmù, gbọ́dọ̀ ní ohun ìní tó tó 1,000,000 sesterces, owó ẹyọ Róòmù, bẹ́ẹ̀ 1,200 sesterces ni owó ọdún kan ọmọ ogun légíónì, ẹgbẹ́ ọmọ ogun ńlá Róòmù, láyé ìgbà yẹn. Ọmọ ogun náà ìbá ṣiṣẹ́ fún ọdún tó lé ní 800 láìná kọ́bọ̀ kó tó ní iye yẹn. Ọmọ mẹ̀kúnnù kò sí lójú ọ̀nà yìí.

Láti ibẹ̀ ni wọ́n rán an lọ sí Légíónì 22 Primigenia ní Mainz, létí odò Rhine ní Jámánì. Nǹkan bí 5,000 ọmọ ogun ló ń wà nínú légíónì kan. Ọ̀gá kékeré mẹ́fà tí wọ́n ń pè ní tribunus máa ń wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n ọ̀kan ṣoṣo nínú wọn ló ń lọ sí ilé ìgbìmọ̀ àwọn sẹ́nétọ̀. Ìlà elésè-àlùkò gbòòrò lára ẹ̀wù rẹ̀ ni wọ́n fi ń dá a mọ̀. Ọmọ nǹkan bí ogún ọdún ni, síbẹ̀ lẹ́yìn olórí légíónì, òun ni ipò rẹ̀ kàn. Ta ló wá mọ iṣẹ́ ogun gan-an? Àwọn balógun ọ̀rún ni, àwọn tó ti lo ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́nu iṣẹ́, tí ojú wọn ti rí nǹkan. Ọ̀dọ́ wọn ni ọmọ olówó ti ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń pàgọ́, bí wọ́n ṣe ń pín oúnjẹ, bí wọ́n ṣe ń to ogun. Tí a bá yọ àwọn balógun ọ̀rún kúrò, gbogbo ètò yìí yóò wó lulẹ̀.

Ó padà sí Róòmù. Ẹni tó bá ti pé ọmọ ọdún 25 lè di olùtọ́jú owó ìlú, oyè yẹn ló ń sọ ènìyàn di sẹ́nétọ̀ títí ọjọ́ ikú. Lollius jẹ ẹ́, ó lọ ran gómìnà ìgbèríko Éṣíà lọ́wọ́ ní ilẹ̀ Tọ́kì òde òní, ó padà wá jẹ oyè méjì mìíràn, èyí tó gbẹ̀yìn nínú wọn sì jẹ́ ti onídàájọ́, tí ẹnikẹ́ni kì í dé kó tó pé ọmọ 30. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ oyè méjèèjì ni wọ́n kọ ọ́ sí pé Késárì fúnra rẹ̀ ló fà á kalẹ̀. Gbólóhùn kékeré yẹn lágbára ju oyè lọ, torí ẹni tí Késárì bá fà kalẹ̀ kì í fìdí rẹmi.

Ìgbà yìí gan-an ni ogun tó dé ọwọ́ rẹ̀. Wọ́n fún un ní Légíónì 10 Gemina ní Vienna, létí odò Danube. Nígbà tí àwọn Júù ní Jùdíà dìde sí Róòmù lábẹ́ Bar Kokhba ní ọdún 132, Késárì Hadrian mú un lọ síbẹ̀, ó sì gba ọ̀kọ̀ àyẹ́sí àti adé wúrà. Lẹ́yìn ìyẹn ló di kọ́ńsù, oyè tó fún un láṣẹ láti ṣàkóso ìgbèríko tí légíónì ju ọ̀kan lọ wà. Wọ́n fi í jẹ gómìnà Jámánì Ìsàlẹ̀, létí odò Rhine, níbi tí légíónì méjì wà. Lẹ́yìn ikú Hadrian ní 138, Késárì tuntun, Antoninus Pius, gbé e lọ sí Bìrìtéènì, níbi tí légíónì mẹ́ta wà. Légíónì kan, méjì, mẹ́ta: bí wọ́n ṣe ń fi agbára kún agbára fún ènìyàn nìyẹn.

Ṣùgbọ́n ẹ wo bí ilẹ̀ ṣe ń yí padà lábẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀. Rhine, Danube, Jùdíà, Rhine, Bìrìtéènì. Gómìnà kì í sábà pẹ́ ju ọdún mẹ́ta lọ níbì kan. Kò ní sí níbẹ̀ pẹ́ títí tí àwọn ọmọ ogun yóò fi gbàgbé ọba, tí wọn yóò máa fi orúkọ rẹ̀ búra. Ohun tó kọ́ Róòmù ní ọgbọ́n yìí kò jìnnà. Ní oṣù kìíní ọdún 69, ní Jámánì Ìsàlẹ̀ kan náà, àwọn ọmọ ogun gbé gómìnà wọn, Vitellius, sípò Késárì, ogun abẹ́lé sì gba gbogbo ilẹ̀ kan. Ọdún méjì ṣáájú ni Késárì Nero ti pàṣẹ kí Corbulo, balógun tó lórúkọ jù nígbà náà, pa ara rẹ̀. Tìbẹ̀rù-bojo ni Késárì àti balógun fi ń bá ara wọn gbé.

Iṣẹ́ gómìnà ẹnu ààlà kì í ṣe ogun lójoojúmọ́. Ẹjọ́ ló ń dá, lẹ́tà ló ń kọ, ọkà ló ń wá fún ọmọ ogun. Ní Vindolanda, ibùdó ọmọ ogun kan ní àríwá ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n wú pátákó pẹlẹbẹ kan jáde nínú ẹrẹ̀ tí wọ́n ti fi yíǹkì kọ iye ọmọ ogun sí lára, ó lé ní 40 ọdún kí Lollius tó débẹ̀. Ẹgbẹ́ ọmọ ogun àwọn ará Tungri, láti ilẹ̀ Bẹ́ljíọ̀mù òde òní, ni. Nínú 752 tó wà nínú ìwé, 456 kò sí nílé: lára wọn, 337 wà ní Coria, 46 ń ṣọ́ gómìnà, balógun ọ̀rún kan wà ní Lọ́ńdọ̀nù. Nínú 296 tó kù, 15 ń ṣàìsàn, 6 fara gbọgbẹ́, ojú ń yọ 10 lẹ́nu. Àwọn 265 ló lè dìde bí ogun bá dé lówùúrọ̀ ọjọ́ yẹn, balógun ọ̀rún kan ṣoṣo ló sì wà pẹ̀lú wọn. Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí wọ́n ṣe ń ṣọ́ ààlà, kó ka pátákó yẹn ṣáájú kó tó ka ìtàn ogun kankan.

Coria yẹn, tí wọ́n ń pè ní Corbridge lónìí, ni Lollius ti múra sílẹ̀. Òkúta tí Légíónì 2 Augusta gbẹ́ síbẹ̀ ní 139 àti 140 fi hàn pé wọ́n ń kọ́lé lábẹ́ àṣẹ rẹ̀. Ó wá gba ibẹ̀ kọjá odi ààlà tí Hadrian mọ, ó wọ Skọ́tílándì, ó ṣẹ́gun, ó sì mú àwọn ọmọ ogun mọ odi tuntun láti etí omi dé etí omi, láàárín odò Forth àti odò Clyde. Nǹkan bí kìlómítà 60 ni. Wọ́n to òkúta sílẹ̀ bí ìpìlẹ̀, wọ́n gé ilẹ̀ koríko bíi búlọ́ọ̀kù, wọ́n tò ó lé e lórí, wọ́n sì wa yàrà jíjìn síwájú rẹ̀. Légíónì mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ló pín iṣẹ́ náà láàárín ara wọn, ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan sì ri òkúta mọ́lẹ̀ tó sọ ibi tí iṣẹ́ tiwọn dé.

Ta ló wá gba oyè aṣẹ́gun? Antoninus ni. Késárì tí kò kúrò ní Ítálì ní gbogbo ọdún tó fi jọba ni wọ́n kí ní 142, tí wọ́n sì tẹ owó ẹyọ ìṣẹ́gun Bìrìtéènì lórúkọ rẹ̀. Orúkọ Késárì ni ogun gbogbo ń jẹ́. Iṣẹ́ ni balógun jẹ́.

Ètò yìí gbéṣẹ́ fún ìgbà pípẹ́, títí ipò Késárì fi di ohun tí wọ́n ń fi owó rà ní 193. Ọmọ Áfíríkà mìíràn, Septimius Severus láti Leptis Magna ní Líbíyà, ló jẹ́ gómìnà létí Danube nígbà náà, Légíónì 10 Gemina tí Lollius ti darí rí sì wà lábẹ́ rẹ̀. Ó kó ogun wọ Róòmù, ó sì gba adé.

Ní ti Lollius, ó padà sílé láìjà. Wọ́n fi í ṣe alákòóso ìlú Róòmù fúnra rẹ̀, ipò tí kò fẹ́rẹ̀ẹ́ sí èyí tó ga jù ú lọ fún sẹ́nétọ̀. Òkúta Tiddis kò mẹ́nu kan Bìrìtéènì, torí wọ́n ti gbẹ́ ẹ kó tó lọ síbẹ̀. Ṣùgbọ́n ibojì ẹbí rẹ̀ ṣì wà ní àgbègbè náà, ilé òkúta roboto. Orúkọ bàbá rẹ̀ wà lára rẹ̀, ti ìyá rẹ̀, ti arákùnrin rẹ̀ méjèèjì, àti ti arákùnrin ìyá rẹ̀. Lẹ́yìn gbogbo wọn ni ó kọ orúkọ tirẹ̀, oyè kan ṣoṣo ló sì fi tẹ̀lé e: alákòóso ìlú.