Òfin ló di ère Bìní mú ní Lọ́ńdọ́nù

Lọ́dún 1897, àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì jagun wọ Bìní, wọ́n kó ère idẹ àti eyín erin gbígbẹ́ ní ààfin, wọ́n sì lé Ọba Ovọnramwẹn lọ sí Calabar. Lára ẹrù yẹn wà ní mùsíọ́ọ̀mù méjì ní Lọ́ńdọ́nù. Nígbà tí Nàìjíríà béèrè ẹrù rẹ̀, Horniman gbà. British Museum, tí ohun Bìní ọwọ́ rẹ̀ lé ní 900, ní òfin kò jẹ́ kí òun lè ṣe é.

Òfin ọdún 1963 ni wọ́n ń tọ́ka sí. Kò fàyè gba ìgbìmọ̀ alákòóso British Museum láti yọ nǹkan kúrò lọ́wọ́ wọn, àfi bí irú rẹ̀ gan-an bá tún wà nílẹ̀, bí ó bá ti bàjẹ́, tàbí bí kò bá yẹ ní pípamọ́ mọ́. Lọ́dún 2005, ilé ẹjọ́ fi kún un pé bí ó ti wù kí ó tọ́ tó láti dá ohun olóhun padà, ìyẹn nìkan kò lè borí òfin náà.

Síbẹ̀, láàárín ọdún 1950 sí 1972, mùsíọ́ọ̀mù yìí kan náà ta nǹkan bí 30 ère pẹlẹbẹ Bìní, wọ́n ní irú wọn ṣì kù. Nàìjíríà wà lára àwọn tó rà á. Ẹni tí wọ́n jà lólè ló tún fowó ra ẹrù rẹ̀! Ó dunni.

Òfin yẹn kò de Horniman. Oṣù Kìn-ín-ní ọdún 2022 ni Nàìjíríà kọ̀wé sí wọn. Nígbà tó fi di oṣù Kọkànlá, ohun 72 ti di ti Nàìjíríà. Mẹ́fà péré ló kọ́kọ́ kúrò níbẹ̀. Àwọn tó kù di ohun tí Horniman ń yá lò lọ́wọ́ Nàìjíríà.

Ibi tí ọ̀rọ̀ wà gan-an nìyẹn: ta ló ni ín? Nígbà tí wúrà Àṣáǹtì dé Kumasi ní Ghana lọ́dún 2024, ọdún mẹ́ta ni British Museum àti mùsíọ́ọ̀mù Victoria and Albert fi yá àwọn ará ibẹ̀ lò. Ẹni tó bá sì gba àyálò ti fẹnu ara rẹ̀ sọ pé òun kọ́ ló ni ín. Ìdí nìyí tí Gíríìsì kò fi fẹ́ gba òkúta Parthenon, àwọn ère tẹ́ńpìlì àtijọ́ wọn tó wà ní British Museum, ní àyálò.

Aṣòfin ló ṣe òfin, aṣòfin náà ló lè tú u. Òfin Faransé náà kò gbà kí ohun ìjọba kúrò ní mùsíọ́ọ̀mù, ṣùgbọ́n ní oṣù Kejìlá ọdún 2020, wọ́n ṣe òfin tuntun nítorí ohun 26 tí ọmọ ogun wọn kó ní ààfin Abomey, ní ilẹ̀ tó di Benin Republic lónìí, lọ́dún 1892. Kí ọdún kan tó pé, àwọn ohun náà ti balẹ̀ sí Kútọnu.